Bí Ìró Ọmọ Ayò Ṣe Ń Wọ Inú Gẹ́ẹ̀mù

Ẹ kú ìjókòó o. Ilé-Ifẹ̀ ni mo ti ń bá yín sọ̀rọ̀, ọpọ́n ayò ló sì wà níwájú mi. Òun ni mo fẹ́ fi ṣàlàyé iṣẹ́ méjì tó ń so ara wọn ró: kíkọ gẹ́ẹ̀mù orí kọ̀ǹpútà, àti ṣíṣe ìró inú rẹ̀.

Ẹ wò ó: ihò 12, ọmọ ayò 48, mẹ́rin mẹ́rin níbẹ̀rẹ̀. Ẹni tó ń kọ gẹ́ẹ̀mù ló máa fi kóòdù, ìyẹn àwọn àṣẹ tí kọ̀ǹpútà ń tẹ̀ lé, jẹ́ kó yé kọ̀ǹpútà ta ló kàn, ihò wo ni wọ́n ti kó, àti ibi tí ọmọ ìkẹyìn bọ́ sí. Ọ̀pọ̀ gẹ́ẹ̀mù ń ya àwòrán tuntun nígbà 60 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Tí kóòdù bá falẹ̀, ẹni tó ń ta á máa mọ̀ lójú ẹsẹ̀.

Ìró wá ńkọ́? Ibí yìí ló wù mí jù. Mo ju ọmọ ayò kan sínú ihò tó ṣófo, igi ló dún. Mo ju òmíràn sínú ihò tí mẹ́fà ti wà, wọ́n kọlu ara wọn, ìró náà sì mú ju ti àkọ́kọ́ lọ. Oníṣẹ́ ìró máa gba méjèèjì sílẹ̀ léraléra, níbi tí ariwo fáànù tàbí jẹnẹrétọ̀ kò ti ní dé. Kóòdù ló máa wá sọ iye ọmọ tó wà nínú ihò, kí ìró tó yẹ lè dún. Tó bá jẹ́ ìró kan ṣoṣo ló ń dún ṣáá, kíá ni etí á sú. Ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń pààrọ̀ ọ̀pọ̀ ìró, tí wọ́n sì ń jẹ́ kí ohùn rẹ̀ ròkè tàbí kó wálẹ̀ díẹ̀.

Owó kọ́ ló máa dí yín lọ́wọ́ láti bẹ̀rẹ̀. Ọ̀fẹ́ ni Godot, ohun èlò orí kọ̀ǹpútà tí wọ́n fi ń ṣe gẹ́ẹ̀mù. Láti 2014 ni wọ́n ti ṣí kóòdù rẹ̀ sílẹ̀ fún gbogbo ayé. Ọ̀fẹ́ náà ni Audacity, tí ẹ lè fi gé ìró. Tó bá yá, ẹ ó bá ohun èlò bíi Godot mìíràn pàdé: Unity, tó jẹ́ pé èdè kóòdù tó ń jẹ́ C# lẹ máa fi kọ gẹ́ẹ̀mù nínú rẹ̀, tàbí Unreal, tó ń lo èdè C++. Ohun èlò bíi FMOD àti Wwise ló ń so ìró mọ́ kóòdù gẹ́ẹ̀mù. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kó gbogbo wọn lé ara yín lórí lẹ́ẹ̀kan náà.

Ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà ní OAU, ẹ̀ka kọ̀ǹpútà wà níbẹ̀, ẹ̀ka orin náà wà. Ọmọ kọ̀ǹpútà, lọ wá ọmọ orin kan, kẹ́ ẹ jọ ṣe gẹ́ẹ̀mù kékeré kan parí. Ẹni tó ń gbani síṣẹ́ fẹ́ rí iṣẹ́ tó ti parí. Ẹ ya fídíò rẹ̀, kẹ́ ẹ sì kọ ohun tí oníkálukú ṣe síbẹ̀, kí wọ́n lè mọ ẹni tí wọ́n máa pè.