Ilẹ̀ Tí Iná Jó Ní Lanzarote

Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin olùgbọ́ mi, níbikíbi tí ẹ bá wà. Ní oṣù Karùn-ún tí ó kọjá, mo gba ìsinmi ọ̀sẹ̀ kan lẹ́nu iṣẹ́ mi ní Leeds, èmi àti màmá mi sì wọ bàálù lọ sí Lanzarote, ọ̀kan nínú àwọn erékùsù Canary tí ó wà lábẹ́ ìjọba Sípéènì. Ìrìn nǹkan bí wákàtí mẹ́rin ni láti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo wo àwòrán ilẹ̀, mo rí i pé nǹkan bí kìlómítà 125 péré ni ó wà láàárín erékùsù náà àti etíkun ilẹ̀ Áfíríkà, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé owó Yúróòpù ni wọ́n ń ná níbẹ̀. Ọjọ́ kan ṣoṣo nínú ọ̀sẹ̀ náà ni mo fẹ́ sọ fún yín ní ìrọ̀lẹ́ yìí, ìyẹn ọjọ́ tí a bá afinimọ̀nà kan jáde nínú bọ́ọ̀sì láti aago 8 àárọ̀ títí oòrùn fi ń wọ̀, kí a lè rí àwọn òkè ayọnáyèéfín ibẹ̀ àti iṣẹ́ ọnà tí wọ́n ṣe sínú wọn. Láti ìgbà tí a ti dé ni ọjọ́ náà ti ń yí mi lọ́kàn po.

Afinimọ̀nà wa jẹ́ obìnrin tí a bí ní Yaiza, ìlú kékeré kan ní gúúsù erékùsù náà. Kí ọkọ̀ tó kúrò lójú kan ni ó ti bẹ̀rẹ̀ ìtàn. Ó ní ní alẹ́ ọjọ́ kìíní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1730, láàárín aago 9 sí aago 10, ilẹ̀ là lójijì lẹ́bàá abúlé Timanfaya, iná sì bẹ̀rẹ̀ sí í tú jáde. Àlùfáà ìjọ Yaiza nígbà náà, Andrés Lorenzo Curbelo, fojú ara rẹ̀ rí i, ó sì kọ ọ́ sílẹ̀. Òun ni a fi mọ wákàtí tí ó ṣẹlẹ̀. Iná náà ń sinmi, ó tún ń bẹ̀rẹ̀, títí di ọdún 1736, ó sì gbé abúlé mì, ó gbé oko ọkà tí ó lọ́ràá mì pẹ̀lú. Nígbà tí gbogbo rẹ̀ rọlẹ̀, nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́rin erékùsù náà ti wà lábẹ́ òkúta àti eérú. Ọ̀pọ̀ ènìyàn kó ẹrù wọn lọ sí àwọn erékùsù mìíràn. Ní ọdún 1731, nígbà tí iná náà ṣì ń jó, àwọn ìdílé láti Lanzarote wà lára àwọn ará Canary tí wọ́n lọ tẹ ìlú San Antonio dó ní Texas. Nígbà tí mo túmọ̀ èyí fún màmá mi, ó dákẹ́ díẹ̀, ó wá ní, "Àwọn náà ti di ará ẹ̀yìn odi rí nìyẹn."

Nínú ọgbà ìjọba tí ó wà ní Timanfaya, ọ̀nà kan wà tí gígùn rẹ̀ tó kìlómítà 14, tí ó ń lọ́ láàárín àwọn òkè tí iná dá sílẹ̀. Bọ́ọ̀sì nìkan ni ó ń gba ibẹ̀, ẹnikẹ́ni kì í sì í sọ̀kalẹ̀. Mo jẹ́wọ́ pé inú mi kò kọ́kọ́ dùn sí òfin yìí, nítorí mo fẹ́ fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀ tí mo ti ọ̀nà jíjìn wá wò. Ṣùgbọ́n bí ọkọ̀ ti ń rọra yí àwọn kọ̀rọ̀ náà, mo rí ẹ̀gbẹ́ òkè tí ó pupa bí osùn, mo rí èyí tí àwọ̀ rẹ̀ dà bí ti obì tí ó ti gbẹ, mo sì rí i pé kò sí ojú ẹsẹ̀ ènìyàn kan lára wọn, kò sí ike omi, kò sí orúkọ tí ẹnikẹ́ni kọ sára òkúta. Ó ń lọ sí ọ̀ọ́dúnrún ọdún báyìí, bí iná ti fi í sílẹ̀ náà ni ó wà. Ìbínú mi rọ̀, mo gbé fóònù mi sínú báàgì, mo sì fi ojú lásán wò ó dé òpin.

Níbi tí a ti wá sọ̀kalẹ̀, òṣìṣẹ́ ọgbà kan da garawa omi sínú páìpù tí wọ́n rì mọ́lẹ̀, kí a tó ṣẹ́jú, ooru omi náà ti bú sókè ju orí wa lọ. Wọ́n ní bí a bá gbẹ́ ilẹ̀ náà tó mítà 13, ooru ibẹ̀ ju ìwọ̀n 400 ti Celsius lọ. Ilé oúnjẹ kan wà lórí ibẹ̀ tí ó jẹ́ pé ooru inú ilẹ̀ yẹn ni wọ́n fi ń sun ẹran. Mo jẹ níbẹ̀, ó dùn. Lẹ́yìn náà òṣìṣẹ́ náà wa òkúta wẹ́wẹ́ dúdú láti inú ilẹ̀, ó sì dà á sí àtẹ́lẹwọ́ àwọn tí ó bá nawọ́. Màmá mi nawọ́. Ó ń yí i láti ọwọ́ ọ̀tún sí ọwọ́ òsì bí ẹni tí ó mú iṣu sísun láti inú iná, ó sì ń bá a sọ̀rọ̀ wẹ́lẹ́wẹ́lẹ́ pé, "Ìwọ iná yìí, o ò tíì sùn láti ìgbà náà?" Afinimọ̀nà wa rán wa létí pé òfin kò gbà kí ẹnikẹ́ni mú ohunkóhun kúrò níbẹ̀, ì báà jẹ́ òkúta kan tí kò tó ẹ̀pà. Màmá mi bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó da tirẹ̀ padà sí ojú ibi tí wọ́n ti wà á gan-an.

Láti ibẹ̀ ni a ti lọ sí La Geria. Ẹ bá mi dúró pẹ́ díẹ̀ níbí. Pápá dúdú kan ni, ó tẹ́ lọ títí ó fi kan ẹsẹ̀ òkè, wọ́n sì gbẹ́ kòtò sí i káàkiri débi pé ojú kò lè kà wọ́n tán. Kòtò kọ̀ọ̀kan rí roboto bí inú igbá, àwọn mìíràn jìn tó bẹ́ẹ̀ tí àgbàlagbà fi lè dúró sínú wọn kí orí rẹ̀ má hàn. Ní ìsàlẹ̀ kòtò náà pátápátá ni igi àjàrà kan wà, tàbí méjì, tí ewé wọn tutù yọ̀yọ̀ láàárín gbogbo dúdú náà. Ní apá ibi tí atẹ́gùn òkun ti ń fẹ́ wá, wọ́n to òkúta lé ara wọn bí ilàjì òbìrìkìtì, láìlo sìmẹ́ǹtì, kí atẹ́gùn má baà fa ewé ya.

Òjò ṣọ̀wọ́n púpọ̀ ní erékùsù náà. Nǹkan bí mìlímítà 150 ni ó ń rọ̀ ní ọdún kan gbáko, kò sì sí odò. Òkúta wẹ́wẹ́ tí iná tú dà sórí oko wọn, tí wọ́n ń pè ní picón, ni àwọn àgbẹ̀ wá sọ di ohun ìpamọ́ omi. Ó fúyẹ́, ihò wínníwínní kún ara rẹ̀, ìrì òru ń wọ inú rẹ̀, tí ilẹ̀ bá sì mọ́, kì í jẹ́ kí oòrùn fa ọ̀rinrin tí ó wà nísàlẹ̀ gbẹ. Wọ́n gbẹ́ ẹ kọjá títí ọwọ́ wọn fi kan ilẹ̀ àtijọ́ tí iná sin, ibẹ̀ ni wọ́n sì gbin àjàrà sí, kí gbòǹgbò rẹ̀ lè mú ilẹ̀ tí àwọn baba ńlá wọn dáko sí kí ọdún 1730 tó dé. Wọn kò lè kó àjálù náà kúrò lórí oko, nítorí náà wọ́n mú un ṣiṣẹ́.

Màmá mi mọ oko. Ìlobùú ni ó ti bá ìyá tirẹ̀ kọ ebè nígbà èwe. Ó dúró lẹ́bàá kòtò kan, ó ní, "Àwa ń gbé ilẹ̀ sókè fún iṣu, àwọn ń wa ilẹ̀ wálẹ̀ fún àjàrà." Ó ní kí n béèrè bóyá ẹ̀rọ ni wọ́n fi gbẹ́ kòtò náà. Afinimọ̀nà wa na àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ méjèèjì sí wa, ó ní bàbá bàbá òun gbẹ́ nínú rẹ̀, pé títí di òní ọwọ́ ni wọ́n fi ń ká èso ibẹ̀, nítorí ẹ̀rọ kò lè wọ kòtò. Màmá mi gbá ọwọ́ náà mú. Ó ní kí n sọ fún un pé, "Ọmọ mi, àwọn bàbá rẹ kú iṣẹ́ o." Mo sọ ọ́ ní èdè Gẹ̀ẹ́sì, kò sì dùn tó bí ó ti dùn lẹ́nu màmá mi, ṣùgbọ́n omi lé ró lójú obìnrin náà.

Wàyí o, orúkọ kan wà tí ẹ ó máa gbọ́ níbikíbi tí ẹ bá yà sí ní Lanzarote, ìyẹn César Manrique. Ayàwòrán àti agbẹ́lére ni. Arrecife, olú ìlú erékùsù náà, ni a bí i sí ní ọdún 1919. Ó kẹ́kọ̀ọ́ ní Madrid, ó sì lọ sí New York ní ọdún 1964, ṣùgbọ́n kò pẹ́ níbẹ̀ rárá tí ó fi padà wálé. Mo ti lo ọdún 19 lókè òkun, mo mọ irú àárò tí ó lè gbé ènìyàn kúrò ní ìlú ńlá padà sí ilẹ̀ gbígbẹ. Nígbà tí ó dé, àwọn arìnrìn-àjò afẹ́ ti bẹ̀rẹ̀ sí í wọ́ lọ sí àwọn erékùsù Canary, ilé ìtura gígagíga sì ń dìde ní etíkun. Ọ̀rẹ́ rẹ̀ láti kékeré, José Ramírez Cerdá, ni ààrẹ ìgbìmọ̀ tí ń ṣàkóso erékùsù náà, àwọn méjèèjì sì jọ gbà pé Lanzarote kò gbọdọ̀ bá ọ̀nà yẹn lọ. Manrique ń ti abúlé bọ́ sí abúlé, ó ń bẹ àwọn ènìyàn pé kí wọ́n má wó ilé àbáláyé wọn. Nítorí èyí ni àwọn ilé ibẹ̀ fi kúrú tí wọ́n sì funfun, tí igi ilẹ̀kùn àti fèrèsé wọn fi ní àwọ̀ ewé. A ti wà nínú bọ́ọ̀sì fún ìgbà pípẹ́ kí n tó mọ ohun tí ojú mi ń wá tí kò rí: kò sí pátákó ìpolówó kankan lẹ́bàá ọ̀nà.

Ilé tí ó kọ́ fún ara rẹ̀ wà ní Tahíche, lórí òkúta tí iná ọdún 1730 sí 1736 ṣàn kalẹ̀. Wọ́n ní orí igi ọ̀pọ̀tọ́ kan ni ó rí tí ó yọ jáde láàárín òkúta dúdú. Nígbà tí ó wo ìsàlẹ̀, ó rí i pé inú ihò kan ni igi náà ti hù, ihò tí afẹ́fẹ́ gbígbóná fẹ̀ sínú òkúta nígbà tí ó ṣì ń yọ́. Ó rí márùn-ún irú ihò bẹ́ẹ̀, ó la ọ̀nà láti ọ̀kan dé èkejì, ó kun ilẹ̀ wọn ní funfun, ó sì sọ wọ́n di yàrá. Lókè wọn ni ó kọ́ ilé tí ó dà bí ilé àwọn àgbẹ̀. Ìṣẹ́jú 40 ni wọ́n fún wa níbẹ̀, èmi ì bá lo ọjọ́ náà tán níbẹ̀.

Fèrèsé kan ni mo fẹ́ kí ẹ bá mi wò. Gíláàsì rẹ̀ gbòòrò, ó sì dojú kọ pápá òkúta dúdú tí ó wà níta. Bí mo ti sún mọ́ ọn, mo rí i pé òkúta náà kò dúró síta. Ó gba abẹ́ gíláàsì wọlé, ó sì tẹ́ ara rẹ̀ sórí ilẹ̀ yàrá bí ẹni pé ó ṣì ń ṣàn bọ̀. Mo kúnlẹ̀ láti wo ibi tí méjèèjì ti pàdé. Wọn kò gé òkúta náà kí gíláàsì lè dúró gbọọrọ. Gíláàsì ni ó tẹ̀lé gbogbo wíwọ́ àti gúngun ara òkúta. Ẹni tí ó ní ilé ni ó yẹ̀ fún iná tí ó ti kú. Mo ti rí iṣẹ́ ọnà ní ọ̀pọ̀ ilé ìkóhun-ìṣẹ̀ǹbáyé-sí, mi ò rí èyí tí ó wọ̀ mí lára tó bẹ́ẹ̀.

Níbẹ̀ ni Igbó Ọ̀ṣun ti sọ sí mi lọ́kàn. Ọmọ Òṣogbo ni mí, mo sì mọ àwọn ère tí Susanne Wenger, tí a mọ̀ sí Àdùnní Olóríṣà, àti àwọn oníṣẹ́ ọnà bíi Adébísí Àkànjí fi amọ̀ àti sìmẹ́ǹtì mọ sáàárín igi, tí ó jẹ́ pé igbó náà ni ó ni wọ́n, tí wọ́n sì fi dáàbò bo igbó lọ́wọ́ àwọn tí ó fẹ́ gé e. UNESCO kọ Igbó Ọ̀ṣun mọ́ àwọn ohun ogún àgbáyé ní ọdún 2005. Mo sọ fún màmá mi, ó mi orí, ó ní, "Omi Ọ̀ṣun ńkọ́?" Ẹ̀yin tí ẹ ti dé ibẹ̀ láìpẹ́ mọ ohun tí ó ń sọ, ẹ mọ bí iṣẹ́ àwọn awakùsà wúrà ti sọ omi náà di ẹrẹ̀. Mi ò rí èsì kankan fún un.

Ní ọ̀sán, a lọ sí Jameos del Agua ní ìhà àríwá, hòrò gígùn tí iná òkè Corona fi sílẹ̀ nígbà tí ó ń ṣàn lọ sínú òkun. Manrique ṣe àkàsọ̀ sí i, ó gbin igi sí i, wọ́n sì ṣí i fún àwọn àlejò ní ọdún 1966. Omi òkun wà nínú hòrò náà, ó mọ́ kedere, àwọn akàn funfun kéékèèké tí kò ríran ni ó sì ń gbé ìsàlẹ̀ rẹ̀. Wọn kò ju èékánná ọwọ́ lọ. Màmá mi wò wọ́n títí, ó ní wọ́n dà bí ìrẹsì tí ó dà sílẹ̀ lójú òkùnkùn. Wọ́n kìlọ̀ fún wa níbẹ̀ pé a kò gbọdọ̀ ju owó sínú omi, nítorí pé irin máa ń bà á jẹ́ fún àwọn akàn náà.

Ibi tí a parí sí ni Mirador del Río, tí wọ́n ṣí ní ọdún 1973, tí ó wà lórí bèbè òkè ní nǹkan bí mítà 470 sókè òkun. Inú òkè ni Manrique fi í pamọ́ sí. Tí ènìyàn bá dúró níta, kò fi bẹ́ẹ̀ rí ilé. Láti ibẹ̀ a rí erékùsù La Graciosa nísàlẹ̀, pẹlẹbẹ, nínú omi tí oòrùn ń wọ̀ lé lórí. Afinimọ̀nà wa sọ fún wa pé ìjàǹbá ọkọ̀ ni ó pa Manrique ní oṣù Kẹsàn-án ọdún 1992, kò jìnnà sí ilé rẹ̀ ní Tahíche, oṣù mẹ́fà péré lẹ́yìn tí wọ́n ṣí ilé náà fún gbogbo ènìyàn, àti pé ní ọdún tí ó tẹ̀lé e ni UNESCO fi gbogbo Lanzarote ṣe ibi ìdáàbòbò ohun ẹlẹ́mìí. Ohùn rẹ̀ rẹlẹ̀ nígbà tí ó ń sọ ọ́, bí ohùn ẹni tí ń sọ ti ará ilé rẹ̀.

Ní alẹ́, bí màmá mi ti ń bọ́ bàtà ní yàrá wa, òkúta wẹ́wẹ́ dúdú kan jábọ́ láti abẹ́ àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀. Ó mú un sókè sí iná, ó wò ó. Ó béèrè bóyá a lè rí ẹni bá wa mú un padà sí Timanfaya. Mo ní a ò mọ̀ bóyá Timanfaya ni ó ti wá tàbí La Geria. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, a sọ̀kalẹ̀ lọ sí iwájú ilé ìtura, níbi tí wọ́n gbin ọrọ́ mẹ́ta sí, tí wọ́n sì fi picón bo ilẹ̀ ibẹ̀ gẹ́gẹ́ bí àṣà wọn. Ó tẹ ọwọ́ sí èjìká mi, ó bẹ̀rẹ̀, ó fi òkúta náà sáàárín àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀, ó sì fi ìka tẹ́ ojú ilẹ̀ náà bọ̀ sípò.