Àdúrà Òwúrọ̀ fún Ọmọ Tó Jí Nínú Àgọ́

Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin ará Abẹ́òkúta. A kú ojúmọ́.

Ní ọjọ́ kẹfà, oṣù Kejì, ọdún 2023, ní agogo 4:17 ìdájí, ilẹ̀ mì tìtì ní gúúsù ilẹ̀ Tọ́kì àti àríwá Síríà nínú òtútù nini. Ó lé ní 50,000 ènìyàn tó bá a lọ. Ọ̀pọ̀ àwọn tó yọ di ará inú àgọ́.

Ẹ bá mi ro ti ọmọdé inú àgọ́. Ó jí, òtútù ilẹ̀ ti gba abẹ́ ẹní wọlé sí i lára. Ó gbé kẹ́ẹ̀gì, ó lọ tò síbi omi. Ó tún lọ tò síbi búrẹ́dì. Ilé ìyàgbẹ́ tí gbogbo ibùdó jọ ń lò, ẹ̀rù ń ba ọmọbìnrin láti dá lọ síbẹ̀ lálẹ́. Bí ọkọ̀ àjàgbé bá kọjá tí ilẹ̀ gbọ̀n díẹ̀, á sá di mọ́ ìyá rẹ̀, bí ìyá bá ṣẹ́kù.

Ẹ má gbà fún ẹni tó bá ní ẹ̀ṣẹ̀ òbí wọn ló fà á. Nínú ìwé Àwọn Ọba Kìíní, orí 19, ilẹ̀ mì níwájú Èlíjà, Olúwa kò sì sí nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n ohun tó ṣáájú ìyẹn ló ń mú mi lọ́kàn jù. Èlíjà ti sá títí, ó ń tọrọ ikú. Ọlọ́run kò bá a wí. Áńgẹ́lì gbé àkàrà àti omi wá, ó jẹ, ó mu, ó tún sùn, wọ́n tún jí i kó jẹun sí i.

Ogun ló lé àwọn baba wa débí ní nǹkan bí 1830, tàwọn ti Ṣódẹkẹ́. Abẹ́ Olúmọ ni wọ́n forí pamọ́ sí, tọmọ tìyá. Ẹ jẹ́ ká fi ẹnu ẹni tó mọ̀ ọ́n gbàdúrà.

Olúwa tó bọ́ Èlíjà, bọ́ ọmọ inú àgọ́ lónìí.

Ní Haiti tí ilẹ̀ ti mì ní 2010, ọdún náà kò parí tí onígbáméjì fi dé. Baba, má jẹ́ kí omi tí ọmọ yìí fẹ́ mu di ikú.

Oorun tí ẹ̀rù gbà lójú rẹ̀, dá a padà fún un.

Èyí tí kò ní òbí mọ́, má jẹ́ kó bọ́ sọ́wọ́ gbọ́mọgbọ́mọ.

Bí odò Ògùn bá kún tó lé ọmọ aládùúgbò wa jáde, jẹ́ ká ṣílẹ̀kùn fún un.

Ní orúkọ Jésù. Àmín.