Ta ní ń wá yìnyín lóṣù Keje?

Ẹ kú ìjókòó o, ẹ̀yin ọmọ Olúyọ̀lé. Lóṣù Keje tí òjò ń lé wa wọ abẹ́ ṣọ́ọ̀bù ní Mọ́kọ́lá, ooru ló ń mú ní ìpínlẹ̀ Washington, ní Amẹ́ríkà. Síbẹ̀, àwọn kan níbẹ̀ ń gbé sikí kọ́ èjìká, ìyẹn pátákó tẹ́ẹ́rẹ́ méjì tí wọ́n ń dè mọ́ bàtà láti fi yọ̀ lórí yìnyín, wọ́n ń wá yìnyín lọ sórí òkè Rainier.

Òkè náà ga tó mítà 4,392. Béèyàn bá sì ti gun 1,000 mítà, afẹ́fẹ́ á ti fi nǹkan bíi 6°C tutù sí i. Ní Paradise, lára òkè yìí, yìnyín tó já láàárín ọdún 1971 sí 1972 lé ní mítà 28. Ká ní kì í rún mọ́lẹ̀ ni, ì bá ga ju ìdámẹ́rin Cocoa House, ilé àwòṣífìlà wa, lọ. Ẹ̀ẹ̀rùn wo ló fẹ́ yọ́ ìyẹn tán?

Kò sí ọkọ̀ tó ń gbé wọn gòkè o. Wọ́n á lẹ aṣọ onírun mọ́ abẹ́ sikí; irun náà kọjú sẹ́yìn, kò ní jẹ́ kó yọ̀ padà. Láti Paradise dé Camp Muir, ibùdó àwọn tó ń gun òkè náà, wọ́n á gòkè tó lé ní 1,400 mítà. Èmi tí àtẹ̀gùn ń dá lágara!

Àsìkò gan-an ni ọgbọ́n eré yìí. Ní ìdájí, òtútù òru ti mú yìnyín le gbagidi. Ẹni tó bá ṣubú lórí rẹ̀ lè yọ̀ lọ jìnnà. Àmọ́ bó ṣe ń dì lóru, tó ń yọ́ lọ́sàn-án, ó ń di hóró-hóró bíi gàrí tí wọ́n fi ajọ̀ olójú ńlá jọ̀. Ní ìyálẹ̀ta, tí ojú rẹ̀ bá ṣẹ̀ṣẹ̀ dẹ̀, sikí á máa lọ wẹ́rẹ́. Tó bá di ọ̀sán gangan, ẹsẹ̀ á bẹ̀rẹ̀ sí í rì.

Àwọn kòtò kéékèèké tún máa ń wà lójú yìnyín náà. Oòrùn ló gbẹ́ wọn. Tí sikí bá gorí wọn, á máa gbọ̀n gbàgbàgbà, orúnkún ló ń jẹ ìyà ẹ̀.

Odò tún lè máa ṣàn lábẹ́ yìnyín, kí òkè rẹ̀ ti fẹ́lẹ́. Ibi tí wọ́n bá ti gbọ́ ìró omi, ńṣe ni wọ́n ń yà fún un. Kùrukùru náà ń mú kí èèyàn ṣìnà níbẹ̀.

Jígí dúdú ojú wọn kì í ṣe ti fáàrí. Oòrùn tó bá kọ lu yìnyín á ta padà sókè, á jó abẹ́ àgbọ̀n tí fìlà ò lè bò. Kódà, wọ́n ń fi ìpara pa ihò imú.