Tí wọ́n bá já bùráúsà yín gbà

BÙKỌ́LÁ: Ẹ káàárọ̀, ẹ káàsán, ẹ kúùrọ̀lẹ́, ibi yòówù tí ẹ bá ti ń gbọ́ wa. Èmi ni Bùkọ́lá, láti Manchester.

DÉLÉ: Èmi ni Délé, láti Houston. Ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ìtọ́jú ilé o.

BÙKỌ́LÁ: Bọ̀dá Délé, ẹ kú àárọ̀ tiyín. Ohùn tí olùgbọ́ wa kan fi ránṣẹ́ lórí WhatsApp la fẹ́ lo gbogbo àsìkò wa fún lónìí. Dublin ni wọ́n ń gbé. Kọ̀ǹpútà kan wà nínú ilé wọn tí tọkọtaya àtàwọn ọmọ jọ ń lò. Wọ́n ní bí àwọn bá ti kọ nǹkan sínú Chrome, bùráúsà tí wọ́n fi ń wo íńtánẹ́ẹ̀tì, kí Google lè bá àwọn wá a, ojú ìwé kan tí wọn ò mọ̀ rí á kọ́kọ́ yọ fìrí, lẹ́yìn náà ló máa já sí Yahoo. Wọ́n rí extension kan, ìyẹn àfikún kékeré tí wọ́n ń so mọ́ bùráúsà, tí wọn ò dá mọ̀, wọ́n yọ ọ́. Ìgbà tí wọ́n máa pa kọ̀ǹpútà, tí wọ́n tún un tàn, nǹkan ọ̀hún ti padà síbẹ̀.

DÉLÉ: Ẹ pẹ̀lẹ́ o, ìyá wa. Browser hijacker ni wọ́n ń pe ohun tó ń bá yín fínra yẹn. Ó yí ojú ìwé tí bùráúsà fi ń ṣí, ó yí ibi tí ìwádìí yín ń gbà kọjá, ó sì fi nǹkan dí ọ̀nà kí ẹ má lè dá a padà. Ohun tó fi dí ọ̀nà yẹn ni mo fẹ́ ká jókòó tì lónìí, torí òun ló ń gbé e padà wá. Èèkan inú oko ni: ẹ gé e lórí ilẹ̀, ìtàkùn ẹ̀ ń bẹ nísàlẹ̀.

BÙKỌ́LÁ: Kí a tó débẹ̀, ẹ jẹ́ n bi yín. Kí lèrè ẹni tó ṣe é? Kò tíì gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ wọn. Yahoo náà kì í ṣe ojú ìwé oníjìbìtì.

DÉLÉ: Owó ìpolówó ni. Àwọn tó ni ẹ̀rọ ìwádìí ńláńlá máa ń pín nínú owó ìpolówó fún ẹni tó bá kó èèyàn wá bá wọn. Ẹ wá tíkẹ́ẹ̀tì Èkó, ẹ tẹ ìpolówó tó wà lókè, ẹnì kan tó dúró láàárín ti jẹ nínú ẹ̀. Owó táṣẹ́rẹ́ ni lórí kọ̀ǹpútà kan. Tí kọ̀ǹpútà bá di ọ̀kẹ́ àìmọye, owó ńlá ni. Ojú ìwé tó ń yọ fìrí yẹn kò wà lásán, ibẹ̀ ni wọ́n ti ń kà yín mọ́ èèyàn tiwọn kí wọ́n tó rán yín lọ sí Yahoo.

BÙKỌ́LÁ: Ibẹ̀ náà ni wọ́n ti ń rí gbogbo ohun tí ẹ bá wá. Àìsàn tí ẹ ò tíì sọ fún ẹnikẹ́ni, agbẹjọ́rò tó ń bójú tó ìwé ìgbélùú, iléèwé ọmọ. Èyí ló ń bí mi nínú jù nínú ọ̀rọ̀ yìí, torí àwọn èèyàn máa ń sọ pé ìpolówó lásán ni, pé kò ṣe nǹkan.

DÉLÉ: Ó ń ṣe nǹkan púpọ̀. Kì í sì í ṣe òní ló bẹ̀rẹ̀. Ní 2003, nígbà tó jẹ́ Internet Explorer ni ọ̀pọ̀ èèyàn ń lò, hijacker kan tó ń jẹ́ CoolWebSearch fojú àwọn èèyàn rí màbo. Ọmọ Netherlands kan tó ń jẹ́ Merijn Bellekom ló ṣe CWShredder láti fi lé e, òun náà ló ṣe HijackThis, tó ń tú àṣírí irú wọn. Ẹ wá wo 2017: ní oṣù Kẹfà, Check Point, iléeṣẹ́ tó ń dáàbò bo kọ̀ǹpútà, kéde ọ̀kan tí wọ́n pè ní Fireball, wọ́n ní Rafotech, iléeṣẹ́ ìpolówó kan ní Beijing, ló wà nídìí ẹ̀, pé kọ̀ǹpútà tó ti wọ̀ ju mílíọ̀nù 250 lọ. Microsoft jáde, wọ́n ní iye yẹn ti pọ̀ jù. Kódà tí ẹ bá gé e sí ìdá mẹ́wàá, ẹ ti rí i pé òwò gidi ni.

BÙKỌ́LÁ: Nígbà míì, ẹni tó ra kọ̀ǹpútà ò tíì fọwọ́ kan nǹkan kan. Láàárín 2014 sí 2015, Lenovo ta àwọn laptop kan tí ètò ìpolówó kan, Superfish, ti wà nínú wọn láti ilé iṣẹ́, tó ń ti ìpolówó tiẹ̀ bọ àárín ojú ìwé tí èèyàn ń kà. Oṣù Kejì 2015 ni àṣírí ẹ̀ tú. Ó fi ìwé ẹ̀rí tirẹ̀, ìyẹn certificate tí bùráúsà fi ń mọ ojú ìwé tó ṣeé fọkàn tán, sínú Windows, tó fi jẹ́ pé àní ojú ìwé tó ní àmì àgádágodo, ó lè yọjú sí i. Ẹni tó bá ń bá ìyá ẹ̀ jà pé kí ló lọ tẹ̀, kó rántí ìyẹn.

DÉLÉ: Ẹ̀bi ò sí lọ́rùn wọn ní tòótọ́. Ibi tó ń gbà wọlé jù ni ohun ọ̀fẹ́ tí èèyàn nílò pẹ̀lú ìkánjú. Àwa tí a ń gbé òkè òkun, ẹ wo iye ìgbà tí wọ́n ń ní ká sọ fọ́tò di PDF, ká so ìwé mẹ́ta pọ̀ mọ́ ọ̀kan, fún físà, fún ìwé ọmọ onílùú, fún ilé tí a fẹ́ háyà. Èèyàn á kọ "free PDF converter", á tẹ èyí tó wà lókè pátápátá. Ìpolówó ni èyí tó wà lókè yẹn lọ́pọ̀ ìgbà. Ó á dáńlóòdù ẹ̀, á rí "Recommended" àti "Custom", á mú "Recommended" torí ọ̀rọ̀ ẹ̀ dùn létí. Inú "Custom" gan-an ni àpótí tí wọ́n ti bá a máàkì sílẹ̀ wà, pé ó gbà kí wọ́n yí ẹ̀rọ ìwádìí ẹ̀.

BÙKỌ́LÁ: Àwọn ilé iṣẹ́ ńlá náà ṣe é rí o. Java tí Oracle fúnra wọn ń pín, Ask Toolbar, àfikún bùráúsà kan, wà nínú ẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ẹni tí kò bá yọ máàkì yẹn kúrò, ó bá a lọ sílé.

DÉLÉ: Ó dáa, ẹ jẹ́ ká lé e. Ìyá wa ní Dublin, ẹ má lo kọ̀ǹpútà yẹn láti wá oògùn ẹ̀. Ìwádìí yín ṣì wà lọ́wọ́ wọn, àwọn míì sì ti kọ ojú ìwé jọ tó ń sọ pé àwọn á bá yín yọ ọ́, tó jẹ́ pé òmíràn ni wọ́n fẹ́ fi sí i. Fóònù ni kí ẹ fi máa wò ó. Fóònù yẹn náà ni ẹ máa fi dán nǹkan kan wò: ẹ so ó mọ́ Wi-Fi ilé, ẹ wá nǹkan. Tí fóònù náà bá ń ṣáko lọ sí ojú ìwé àjèjì, kì í ṣe Chrome nìkan ni ọ̀rọ̀ wà, ẹ wo router, àpótí tó ń pín Wi-Fi.

BÙKỌ́LÁ: Ìyẹn ti ṣẹlẹ̀ rí?

DÉLÉ: Ó ti ṣẹlẹ̀ dáadáa. DNSChanger ni wọ́n pe èyí tó ṣe é. Ní oṣù Kọkànlá 2011, FBI kéde pé wọ́n ti mú àwọn ará Estonia mẹ́fà, ó ti wọ kọ̀ǹpútà bíi mílíọ̀nù mẹ́rin ní orílẹ̀-èdè tó lé ní 100. DNS ni bùráúsà máa ń bi léèrè pé níbo ni ojú ìwé báyìí wà. Àwọn yẹn fi tiwọn rọ́pò ẹ̀, nínú kọ̀ǹpútà, nígbà míì nínú router pàápàá. Ṣùgbọ́n ìyá wa ti sọ pé fóònù àwọn ò ní nǹkan kan, ẹ jẹ́ ká máa bá Chrome lọ.

BÙKỌ́LÁ: Mo ní kí wọ́n tẹ àmì tótó mẹ́ta (three dots) tó wà lọ́wọ́ ọ̀tún lókè, kí wọ́n ya fọ́tò ohun tó wà nísàlẹ̀ pátápátá. "Managed by your organization" ni wọ́n rí níbẹ̀, àwọn sì ni wọ́n fi owó ara wọn ra kọ̀ǹpútà.

DÉLÉ: Ìtàkùn yẹn nìyẹn! Ìtumọ̀ ẹ̀ ni pé ọ̀gá kan wà tó ń pàṣẹ fún Chrome yìí. Lórí kọ̀ǹpútà ibi iṣẹ́, bó ṣe yẹ kó rí nìyẹn, ẹ má fọwọ́ kàn án rárá. Antivirus kan lè mú un jáde nílé náà, nítorí náà kì í ṣe gbogbo ìgbà ló jẹ́ olè. Ẹ kọ chrome://policy síbi tí ẹ máa ń kọ àdírẹ́ẹ̀sì sí, ẹ wo àṣẹ, ìyẹn policy, tó tò síbẹ̀. Tí ẹ bá rí ExtensionInstallForcelist, Chrome ti gba àṣẹ pé bí ẹ bá yọ extension yẹn nígbà ẹgbẹ̀rún, kó máa dá a padà. Lẹ́tà 32 gbọọrọ kan máa wà níwájú ẹ̀, orúkọ extension ọ̀hún nìyẹn. Ẹ ya fọ́tò ẹ̀.

BÙKỌ́LÁ: Ní chrome://extensions, tí wọ́n bá tan "Developer mode", wọ́n á rí lẹ́tà 32 yẹn lábẹ́ extension kọ̀ọ̀kan. Èyí tó bá bá fọ́tò mu ni ọ̀daràn.

DÉLÉ: Ṣùgbọ́n ẹ ò ní bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀. Ẹ pa sync ná, ìyẹn ohun tó ń mú Chrome bára mu lórí gbogbo ẹ̀rọ yín, torí àkáǹtì Google yín lè kó extension yẹn padà láti laptop ọmọ yín. Ẹ wá lọ sínú Settings Windows, Apps, Installed apps, ẹ tò wọ́n ní ọjọ́ tí wọ́n wọlé. Ohun tó bá wọlé lọ́jọ́ tí wàhálà bẹ̀rẹ̀, tí ẹ ò sì mọ̀ ọ́n, ẹ yọ ọ́. PDF converter yẹn náà, ẹ má ṣàánú ẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn ni registry, ibi tí Windows ń kọ ìṣètò àti àṣẹ rẹ̀ sí.

BÙKỌ́LÁ: Ẹ rọra níbẹ̀ o, Bọ̀dá. Ibẹ̀ máa ń ba àwọn èèyàn lẹ́rù.

DÉLÉ: Ó sì yẹ kó bà wọ́n lẹ́rù díẹ̀. Ẹ kọ regedit síbi ìwádìí Windows. Ẹ tẹ̀ lé e: HKEY_LOCAL_MACHINE, SOFTWARE, Policies, Google, Chrome. Kí ẹ tó fọwọ́ kan ohunkóhun, ẹ fi Export tọ́jú ẹ̀dà ẹ̀, kó lè ṣeé dá padà. Ẹ wá pa fódà tó ń jẹ́ Chrome yẹn rẹ́, òun nìkan, kì í ṣe ti Policies lódindi. Ẹ wo abẹ́ HKEY_CURRENT_USER bákan náà. Ẹni tí ọwọ́ ẹ̀ bá ń gbọ̀n, kó pe ọmọ tó mọ̀ ọ́n nínú mọ̀lẹ́bí, ó sàn ju kó pa fódà tí kò yẹ rẹ́.

BÙKỌ́LÁ: Èmi fẹ́ kí wọ́n yẹ Task Scheduler náà wò, ibi tí Windows ń to iṣẹ́ tó ń ṣe fúnra ẹ̀ sí. Mo ti rí i níbi tí ẹnì kan ti fọ gbogbo nǹkan mọ́, tí iṣẹ́ kan tí wọ́n tò síbẹ̀ wá ń kọ registry yẹn padà ní gbogbo ìgbà tí wọ́n bá tan kọ̀ǹpútà.

DÉLÉ: O káre, Bùkọ́lá. Ẹ wo àmì Chrome tó wà lójú kọ̀ǹpútà náà: ẹ fi ọwọ́ ọ̀tún máòsì tẹ̀ ẹ́, Properties, Target. chrome.exe ló sábà máa ń parí ẹ̀, pẹ̀lú àmì ìfayọ (") lẹ́yìn rẹ̀. Tí àdírẹ́ẹ̀sì ojú ìwé kan bá rọ̀ mọ́ ọn lẹ́yìn, ẹ nù ún.

BÙKỌ́LÁ: Ìgbà yìí gan-an ni kí wọ́n yọ extension, kí wọ́n wá lọ sí chrome://settings/reset.

DÉLÉ: Reset yẹn, àwọn èèyàn máa ń sá fún un torí wọ́n rò pé password àwọn á lọ. Kò ní lọ. Bookmark yín wà, password yín wà. Ó máa dá ẹ̀rọ ìwádìí padà, á pa àwọn extension, á nu cookie, nítorí náà ẹ máa tún wọlé sí àwọn àkáǹtì yín. Tí ẹnì kan bá ní kí ẹ lọ lo "Clean up computer" tó wà nínú Chrome, ìmọ̀ràn àtijọ́ ni, Google ti yọ ọ́ kúrò láti oṣù Kẹta 2023. Ẹ lo Microsoft Defender Offline tó wà nínú Windows Security. Kọ̀ǹpútà á kú, á tún tàn, á máa yẹ ara ẹ̀ wò kí Windows fúnra ẹ̀ tó dìde. AdwCleaner náà dára, ó ti di ti Malwarebytes láti 2016, ẹ gbà á lójú ìwé tiwọn gan-an.

BÙKỌ́LÁ: Ní ti àwọn tó ń lo Mac, ẹ wá Device Management nínú System Settings. Tí profile kan, ìyẹn àkójọ àṣẹ, bá wà níbẹ̀ tí ẹ ò fi síbẹ̀, tí kò sì jẹ́ ti ibi iṣẹ́ tàbí iléèwé, òun ló ń ṣe iṣẹ́ tí policy ń ṣe lórí Windows. Ẹ yọ ọ́ kí ẹ tó fọwọ́ kan bùráúsà.

DÉLÉ: Ó ku password. Extension tí ẹ bá fún láṣẹ láti "Read and change all your data on all websites" lè ka ojú ìwé báǹkì bí ẹ ṣe ń kà á. N kò sọ pé tiyín kà á. Ẹ sáà mú fóònù, ẹ yí password email padà ná, torí email ni wọ́n fi ń gba àwọn yòókù, kí ẹ tó kan ti báǹkì. Ẹ tẹ ibi tí wọ́n ti ń lé gbogbo ẹ̀rọ tó ti wọlé jáde.

BÙKỌ́LÁ: Tí nọ́ńbà fóònù kan bá yọ lójú kọ̀ǹpútà pé ẹ pe Microsoft, ẹ má pè é. Microsoft kì í kọ nọ́ńbà fóònù sínú ìkìlọ̀ wọn. Àwọn òbí wa tó dá gbé lókè òkun níbí ni wọ́n ń fi ìyẹn mú jù: ohùn jẹ́jẹ́ kan á ní kí wọ́n jẹ́ kí òun wọlé sínú kọ̀ǹpútà, kó tó di ìrọ̀lẹ́, owó ti lọ. Ẹ sọ fún wọn pé ẹ̀yin ni kí wọ́n pè, bó bá jẹ́ ọ̀gànjọ́ òru. Ẹ ní kí wọ́n fi kámẹ́rà WhatsApp kọjú sí kọ̀ǹpútà, ẹ̀yin ẹ máa sọ ibi tí wọ́n máa tẹ̀.

DÉLÉ: Tí ẹ bá lọ kí wọn, ẹ ṣí àkáǹtì kejì tí kò ní àṣẹ administrator lórí kọ̀ǹpútà wọn, òun ni kí wọ́n máa lò lójoojúmọ́. Nǹkan tó bá fẹ́ kọ ara ẹ̀ sínú HKEY_LOCAL_MACHINE á ní láti tọrọ password lọ́wọ́ yín ná.

BÙKỌ́LÁ: Ìyá wa ní Dublin, tí ẹ bá ṣe gbogbo ẹ̀ tán, ẹ tún kọ̀ǹpútà tàn lẹ́ẹ̀mejì, ẹ wo chrome://policy. Tí kò bá sí nǹkan kan níbẹ̀ mọ́, ẹ lè tan sync padà, ṣùgbọ́n ẹ wo laptop àwọn ọmọ ná. Tí nǹkan bá ṣì wà níbẹ̀, ẹ ya fọ́tò ẹ̀ ránṣẹ́ sí wa, ẹ bo àdírẹ́ẹ̀sì email yín mọ́lẹ̀. A máa jọ wò ó lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀.

DÉLÉ: Ó dàbọ̀ o.